Àkó Tí Wọ́n Gbẹ́ fún Alààyè

Ẹ súnmọ́ mi, ẹ̀yin ọmọ ọmọ mi. Ẹ wọ́ ẹní yẹn wá síbí, kí n lè máa gbọ́ òórùn irun yín. Inú mi mà dùn o! Ilé tó ti dákẹ́ rọ́rọ́ láti ọdún Àjíǹde, ẹ wá fi ariwo kún un fún mi. Àánú, gbé àbúrò rẹ lé itan. Ìfẹ́, kúrò lẹ́yìn mi, bọ́ síwájú níbi tí mo ti lè rí ọ. Ìtàn tí mo fẹ́ sọ yìí, n kì í sọ ọ́ kí ènìyàn jókòó sẹ́yìn mi láìfọhùn.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, oko ni mo ti ń bọ̀, mo ru igi ìdáná. Bí mo ti wọ àgbàlá, mo rí Monísọ́lá, ọmọ àbúrò ọkọ mi, lórí àga lábẹ́ igi ọsàn. Ó ró ìró, ó wé gèlè, ó kó ọwọ́ méjèèjì lé orúnkún bí ìyàwó tuntun. Mo ní, "Ọkọ mi, kú ìjókòó o." Kò dáhùn. Mo tún un sọ. Kò tilẹ̀ wò mí. Mo ní ó dára, ọmọ tó ti ìlú òyìnbó dé, bóyá bí wọ́n ṣe ń dá àgbà lóhùn níbẹ̀ nìyẹn. Mo gbé igi mi wọ ilé ìdáná. Ta ni mo bá níbẹ̀? Monísọ́lá ni! Ó wọ ṣòkòtò, ó ń jẹ bọ̀ọ̀lì, epo ń kán sí i lọ́wọ́.

"Ẹ káàbọ̀, Ìyá Àgbà."

Igi tú dànù lórí mi. Ọmọ yìí rẹ́rìn-ín títí bọ̀ọ̀lì fi há a lọ́fun, èmi náà ni mo tún ń gbá a lẹ́yìn. "Ẹ kí i?" ló ń wí. "Ìyá Àgbà, ẹ kí i lóòótọ́?" Inú rẹ̀ ń dùn ṣìnkìn. Nígbà tí àyà mi balẹ̀, èmi náà rẹ́rìn-ín. Ère ni. Òun fúnra rẹ̀ ló gbẹ́ ẹ. Ì bá wù mí kí n sọ fún yín pé ẹ̀rín náà ló parí ọ̀rọ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ irú ẹni tó jẹ́ fún yín. Ìyá rẹ̀ ni Fúnmilọ́lá, ọmọ Ọ̀wọ̀, tí àbúrò ọkọ mi fẹ́ wá sí agboolé wa níhìn-ín ní Ìṣẹ́. Nígbà tí bàbá Monísọ́lá kú, ọmọ náà ṣì kéré, wọ́n bá mú un lọ sọ́dọ̀ àǹtí rẹ̀ ní Èkó. Láti Èkó ló ti dé Lọ́ńdọ̀nù. Iṣẹ́ ọnà ló kọ́. Ó ń ya àwòrán, ó ń gbẹ́ ère, ṣùgbọ́n ohun tó sọ ọ́ di olókìkí ni pé ara rẹ̀ gan-an ló fi ń ṣiṣẹ́. Yóò fi ẹfun kun apá kan ara, yóò fi èédú kun apá kejì, yóò dúró sínú yàrá láti àárọ̀ dìrọ̀lẹ́, àwọn ènìyàn á máa yí i po, wọ́n á máa wò ó. Nígbà kan, ó wọ aṣọ tí ìyá bàbá rẹ̀ fi sílẹ̀, ó fún àwọn tó wá wòran ní pépà, ó ní kí kálukú kọ ohun tó rò pé òun jẹ́, kí wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ òun lára.

Mo ní, "Gbogbo àwọn tó wá yẹn, ṣé wọn ò lóko ni?"

"Wọn ò lóko, Ìyá Àgbà."

"Kí ni wọ́n wá kọ?"

Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀. "Ọ̀pọ̀ ló kọ 'àlejò.'"

Èyí ló gbé e wálé. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ yọ Èkìtì kúrò lára Oǹdó nígbà náà, gbogbo ènìyàn ń yọ̀ pé àwa náà ti ní ìpínlẹ̀ tiwa, àwọn ọmọ tó wà lẹ́yìn odi ń tún ilé baba wọn kùn. Monísọ́lá ní òun náà ń bọ̀ wá mọ ibi tí wọ́n ti bí òun. Ó máa ń pa wá lẹ́rìn-ín. Á ní, "Ìpínlẹ̀ Ìwọ̀-Oòrùn ni wọ́n bí mi sí, Oǹdó ni mò ń kọ nílé ìwé, wọ́n tún ní Èkìtì ni mí báyìí. Bẹ́ẹ̀ ilé bàbá mi ò kúrò lójú kan!"

Ṣùgbọ́n ìlú kò tètè mọ̀ ọ́n. Ó gé irun mọ́lẹ̀, ó ń wọ ṣòkòtò, àwọn ọmọdé á máa tẹ̀ lé e: "Ṣé bọ̀ọ̀dá ni àbí àǹtí?" Ọlọ́kadà kan tó gbé e wá láti òpópó béèrè pé, "Àǹtí, ìlú wo lẹ ti wá?" Ó ní Ìṣẹ́ níbí ni. Ọlọ́kadà ní, "Ẹ má bínú, mo rò pé ẹ fẹ́ kí n gbé yín dé ilé ẹni tẹ́ ẹ wá kí ni." Bí ó bá fi ohùn Èkó rẹ̀ kí ènìyàn, wọn a tún ohùn ṣe, wọn a dá a lóhùn bí ẹní ń dá àlejò lóhùn. Ó ń dùn ún. Mo rí i. Ó ń fi ẹ̀rín bò ó.

Ní ìrọ̀lẹ́ kan, Fúnmilọ́lá ń pa kókó, ó ń sọ̀rọ̀ ilé wọn ní Ọ̀wọ̀. Ó ní nílé àwọn, bí ènìyàn ńlá bá kú, lẹ́yìn tí wọ́n bá ti sin ín, àwọn ọmọ rẹ̀ á gbẹ́ ère tó jọ ọ́ tojú timú. Wọ́n á wọ aṣọ rẹ̀ fún un, wọ́n á gbé e jókòó, ìlú á máa wá kí i, wọ́n á máa kì í ní oríkì bí ẹni tó ń gbọ́. Lẹ́yìn náà wọ́n á gbé e yí ìlú ká, wọ́n á sì sin òun náà. Àkó ni wọ́n ń pè é.

Monísọ́lá ju kókó ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀. "Màámi, mo fẹ́ gbẹ́ tèmi."

"Tìẹ bí i ti báwo?"

"Màá gbé e síta kí aráalé máa rí i. Lọ́jọ́ tí àwọn àlejò mi bá dé láti Èkó, èmi àti òun á jókòó dojú kọ ara wa. Mo fẹ́ mọ èyí tí ìlú mi máa kí."

Fúnmilọ́lá kì í ṣe aláriwo. Ó ń tú kókó lọ, kò gbójú sókè. "Àkó òkú ni mo mọ̀. N ò gbọ́ àkó alààyè rí. Orúkọ kì í jókòó sórí àga méjì."

"Iṣẹ́ ọnà ni, Màámi."

"Mo ti gbọ́."

Ó lọ bá àgbà agbẹ́gilére kan ní Ọ̀wọ̀, ó gbé ọ̀dọ̀ rẹ̀ títí ère náà fi parí. Igi ọmọ̀ ló fi gbẹ́ ẹ. Wọ́n ní bí ó ti ń gbẹ́ ẹ, ọwọ́ òsì rẹ̀ wà lójú ara rẹ̀, ó ń tọ́ ọ wò, ọwọ́ ọ̀tún wà lára igi. Ó fi aṣọ òkè ìyá rẹ̀ wọ̀ ọ́, ó fi ìlẹ̀kẹ̀ sí i lọ́rùn. Ẹ ò rí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ rí. Ẹ̀gbẹ́ ẹnu tó máa ń ká sókè bó bá fẹ́ yínmú, ó gbẹ́ ẹ síbẹ̀.

Ẹ̀yin náà mọ ìwà wa. Ènìyàn kì í kọjá lára ẹni tó jókòó kó má kí i. Ẹni tó ń lọ sódò á ní "kú ìjókòó o," ẹni tó ń ti oko bọ̀ á ní "a bá yín o." Àwọn tó mọ̀ pé igi ni pàápàá, ẹnu wọn á ti sọ ọ́ kí wọ́n tó rántí. Bàbá Ọ̀ṣuntókun, olórí agboolé wa, tí ojú rẹ̀ ti ń ṣe bàìbàì, àràárọ̀ ló ń dúró níwájú rẹ̀, á fi oríkì Monísọ́lá pè é: "Àṣàkẹ́! Àṣàkẹ́ ọmọ baba mi! O jí ire bí?" Á kì í títí. Mo sọ fún un pé ère ni. Ó ní, "Mo mọ̀. Ṣùgbọ́n wò ó bí ó ṣe jókòó bí ẹni tó kúnlẹ̀ kí àgbà. Èyí mọ ilé ju èkejì lọ, kì í sì já ọ̀rọ̀ gbà mọ́ àgbà lẹ́nu." Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Monísọ́lá wà níbẹ̀, ó rẹ́rìn-ín tirẹ̀.

Ìgbà tí òjò ọ̀sán kan dé ni mo kọ́kọ́ rí nǹkan. Mo sáré jáde kó kókó tí a sá. Ilẹ̀ ti rin. Mo wo abẹ́ igi ọsàn, mo rí i pé ìró ère náà ti ká sókè kúrò nínú omi, tí a fi etí rẹ̀ há sáàárín itan, bí obìnrin ṣe ń ṣe bí òjò bá ká a mọ́ ìjókòó. Mo ní afẹ́fẹ́ ni. Mo kó kókó mi.

Lọ́jọ́ mìíràn, Monísọ́lá dúró ní ẹ̀yìnkùlé, ó ń run pákò. Adìyẹ kan fò láti orí ọgbà, ó bà lé èjìká rẹ̀, ó ká ẹsẹ̀ kò, ó pajú dé. Ọmọ náà wò mí, pákò ṣì wà lẹ́nu rẹ̀. Kò rẹ́rìn-ín. Nígbà tí mo súnmọ́ ọn láti lé adìyẹ, òórùn igi tútù tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fá ni mo gbọ́ lára rẹ̀. Mo padà gba abẹ́ igi ọsàn kọjá. Ibẹ̀ ń ta òórùn àdí àgbọn, àdí tí Monísọ́lá fi ń para.

Ó wá di pé bí ó bá sọ̀rọ̀, ènìyàn á ní "ta ló ń pè?" Ọlọ́kadà kan ṣáà fẹ́rẹ̀ẹ́ kọ lù ú lójú ọ̀nà lọ́sàn-án gangan, ó ní òun ò rí ẹnì kankan. Iyán ò lọ lọ́nà ọ̀fun rẹ̀ mọ́, ó ní bí ìyẹ̀fun pákó ló ń rí lẹ́nu òun. Ọjọ́ tí Fúnmilọ́lá bu oúnjẹ ọ̀sán, tó gbé ti ọmọ rẹ̀ lọ sí abẹ́ igi ọsàn, tó gbé e kalẹ̀, tó ní "Àṣàkẹ́, jẹun," ọjọ́ náà ni gbogbo wa mọ̀. Monísọ́lá dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná pẹ̀lú ọwọ́ tó ti fọ̀. Ìyá wo ọmọ. Ọmọ wo ìyá.

Fúnmilọ́lá ní, "A ó sin ín lónìí. Èmi ni n ó gbẹ́ ilẹ̀ fúnra mi."

"Ó ku díẹ̀ kí àwọn àlejò dé, Màámi." Ohùn rẹ̀ ti di tín-ín-rín. "Ẹ jẹ́ kí wọ́n rí i ná. Gbogbo ohun tí mo ti ń ṣe láti ọjọ́ yìí, ibí ló ń bọ̀. Bí mo bá sin ín báyìí, kò sí ohun tí mo ṣe."

"Ọmọ mi, o ò ní orúkọ mìíràn tí o máa fi ṣe é."

"Wọ́n á lọ, a ó sin ín. Mo bẹ̀ yín."

Fúnmilọ́lá da aṣọ bo ère náà. Lọ́jọ́ kejì, àwọn tó ń kọjá ń kí aṣọ.

Èyí ló ń dùn mí títí di òní. Ọmọ yìí kò bèèrè ju kí a kí òun. Kíkí tó wá sí Ìṣẹ́ láti wá gbà, ó pọ̀ lẹ́nu wa, ọ̀fẹ́ ni, a ń dà á sílẹ̀ lójoojúmọ́ níwájú igi, torí pé igi ró ìró.

Àwọn àlejò dé ní àárọ̀ Sátidé, bọ́ọ̀sì kan gbáko, òyìnbó àti ọmọ wa, gbogbo wọn gbé kámẹ́rà. Tósìn ló ṣáájú wọn, ọ̀rẹ́ Monísọ́lá tó máa ń bá a ṣètò iṣẹ́ rẹ̀. Nígbà tí oòrùn rọ̀, wọ́n gbé àga kejì kalẹ̀. Monísọ́lá fi ṣòkòtò rẹ̀ jókòó, ó dojú kọ ère. Àwọn ará ilé wá, àwọn ìyàwó ilé ń kì, "Àṣàkẹ́, Àṣàkẹ́," gbogbo ojú sì wà lára ẹni tó wé gèlè. Òógùn ń ṣàn lójú èyí. Kì í ṣe lójú Monísọ́lá.

Mo rí i tó gbìyànjú láti dìde. Orúnkún rẹ̀ kò ká, kò nà. Ó la ẹnu. "Èmi ni Monísọ́lá." Bí ẹ̀fọn. Ó tún un sọ, iṣan ọrùn rẹ̀ yọ síta: "Ẹ wò mí. Èmi ni. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbé mi dìde."

Àwọn àlejò pàtẹ́wọ́. Àtẹ́wọ́ ńlá, ẹ̀yin ọmọ mi! Òyìnbó obìnrin kan ń nu omijé. Wọ́n rò pé iṣẹ́ rẹ̀ ni. Ẹni tó ti fi ara ṣe iṣẹ́ fún wọn láti ọdún yìí wá, báwo ni wọ́n ṣe máa mọ̀ pé ó ti jáwọ́? Tósìn sọ sí mi létí pé, "Mà, kò tíì ṣe dáadáa tó báyìí rí."

Fúnmilọ́lá pariwo pé kí wọ́n gbé ọkọ́ wá. Àwọn ará ilé ní kí ni ó ń ṣe níwájú àlejò. Bàbá Ọ̀ṣuntókun ní oòrùn ti ń wọ̀, a kì í sin nǹkan sílẹ̀ agboolé yìí lálẹ́, kí ó di òwúrọ̀. Tósìn náà ní àwọn á sùn, kí àwọn lè ya ìsìnkú náà sínú kámẹ́rà. Ẹnu ò kò. Wọ́n wọlé lọ jẹun. Fúnmilọ́lá jókòó sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga ọmọ rẹ̀, ó ń fi àdí pa á lórúnkún, ó ń pa á, ó ń pa á. Mo bá a jókòó títí oorun fi gbé mi.

Kí n tó sọ bí ilẹ̀ ṣe mọ́, ẹ jẹ́ kí n ti èyí kúrò lọ́nà. Àwọn tó mọ̀ ní iṣẹ́ rẹ̀ gbilẹ̀ lẹ́yìn ọjọ́ náà ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Wọ́n ní kò kun ara mọ́, kò bèèrè ẹni tí òun jẹ́ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni mọ́. Ó kàn ń jókòó ni, ìlú ńlá ńlá ń wá kí i. Mo rí fọ́tò rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn lẹ́ẹ̀kan. Kò dàgbà rárá.

Fèrè bọ́ọ̀sì ló jí mi. Ìrì ń kán, àkùkọ ń kọ, iná mọ́tò ti tàn. Mo rò pé wọ́n fẹ́ bẹ̀rẹ̀ ìsìnkú ni. Tósìn ń kó ẹrù sínú ọkọ̀. Ó ní, "Mà, Monísọ́lá ní ká máa lọ, kò fẹ́ kí wọ́n sin ère náà mọ́. Ó ní kí màmá òun máa fi wo ojú òun."

Ó sì jáde wá láti ẹ̀yìn rẹ̀. Ìró, gèlè, ìlẹ̀kẹ̀ lọ́rùn. Ó kúnlẹ̀ fún mi lórí ilẹ̀ tútù, ìkúnlẹ̀ tí Monísọ́lá kò kúnlẹ̀ rí láyé rẹ̀. Orúnkún rẹ̀ ró lórí òkúta, kọ̀, bí ìgbà tí pákó bá kan pákó. "Yèyé àgbà, ẹ bá mi tọ́jú ulé o," ló wí, pẹ̀lú ohùn Ìṣẹ́ pọ́nńbélé, bí ẹni tí kò mu omi ìlú mìíràn rí. Ẹ̀gbẹ́ ẹnu rẹ̀ ká sókè. Bàbá Ọ̀ṣuntókun ṣí fèrèsé: "Àṣàkẹ́ ọmọ baba mi, wàá dé ire!" Ó dá a lóhùn, "Àmín, bàbá mi." Ó wọ bọ́ọ̀sì, ó jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, ó kó ọwọ́ méjèèjì lé orúnkún.

Mo sáré sí abẹ́ igi ọsàn. Àga kan ṣófo. Lórí èkejì, ère kan wọ ṣòkòtò, irun rẹ̀ gé mọ́lẹ̀, ẹnu rẹ̀ là díẹ̀. Iṣẹ́ dáadáa ni, ẹ̀yin ọmọ mi. Eyín pàápàá wà níbẹ̀. Fúnmilọ́lá ti gbé etí lé àyà rẹ̀, ó ń gbọ́ nǹkan, tàbí kò gbọ́. Mo fi etí ìró mi nu ìrì kúrò lójú ère náà. Ó tún rin. Mo tún un nù. Ibi tí ojú wà nìkan ló ń rin.

"Ṣé a ó sin ín?" Èmi ni mo bèèrè.

"Ẹnì kan ò ní sin ọmọ mi." Ó di ọwọ́ igi náà mú. Bọ́ọ̀sì ti ń yí sọ́nà Ìkẹ́rẹ́, àwọn àlejò ń juwọ́. Fúnmilọ́lá fi ẹnu kan etí ère náà, ó pè é jẹ́jẹ́, bí ìyá ṣe ń jí ọmọ fún ilé ìwé: "Monísọ́lá."

Inú bọ́ọ̀sì tó ń lọ ni wọ́n ti dáhùn pé, "Yèéè."